Ilẹ̀ Tó Ń Rántí: Fíìmù, Àwòrán àti Àyíká ní Ìlọrin àti Gúúsù Kwárà

Ẹ̀yin àgbà tó wà níjòkòó, mo júbà. Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ̀yin oníṣẹ́ ọnà, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń gbé kámẹ́rà káàkiri ibi ìgbéyàwó àti ìsọmọlórúkọ, ẹ kú ìkàlẹ̀, ẹ sì kú iṣẹ́.

Iṣẹ́ ẹni tó ń ṣe fíìmù dọkúmẹ́ńtárì, tó tún ń fi ọwọ́ ṣe àwòrán, tí ọ̀rọ̀ ìrántí àti ọ̀rọ̀ igi, omi, òkúta sì jẹ lógún, ni wọ́n ní kí n sọ̀rọ̀ lé lórí. Ọ̀rọ̀ náà gbòòrò, ṣùgbọ́n ibì kan ni mo fẹ́ kó gúnlẹ̀ sí. Ìrántí kì í gbé inú orí èèyàn nìkan, ó ń gbé ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ fi kámẹ́rà gbà á sílẹ̀, ibẹ̀ ni kó kọ́kọ́ lọ, kó tó wá ẹni tí yóò sọ̀rọ̀.

Òdìkejì èyí ni ọ̀pọ̀ wa ń ṣe. A ó gbé bàbá àgbàlagbà jókòó sórí àga ńlá ní pálọ̀, fáànù ń yí lókè, tẹlifíṣọ̀n wà lẹ́yìn wọn, a ó ní kí wọ́n sọ ìtàn ìlú fún wa. Ohun tí a máa gbọ́ ni èyí tí wọ́n ti sọ fún gbogbo ẹni tó ṣáájú wa dé: orúkọ àwọn ọba, ogun tí wọ́n jà, ibi tí wọ́n ti ṣí wá. Ó wúlò, kò sẹ́ni tó ní kò wúlò. Àmọ́ ọ̀nà tí ìyá wọn ń gbà lọ sódò kò sí nínú rẹ̀, igi tí wọ́n ń so ẹṣin mọ́ kò sí nínú rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni òórùn ilẹ̀ lẹ́yìn òjò àkọ́rọ̀. Àwọn nǹkan yẹn ló ń kú mọ́ àwọn àgbà wa lọ́wọ́.

Patricio Guzmán, ọmọ ilẹ̀ Chile, ṣe fíìmù dọkúmẹ́ńtárì kan tó jáde ní 2010 tó fi ọ̀rọ̀ yìí hàn kedere. Aṣálẹ̀ Atacama ló gbé kámẹ́rà lọ, ọ̀kan nínú ibi tó gbẹ jù lọ láyé. Àwọn onímọ̀ ìràwọ̀ pọ̀ níbẹ̀ torí pé ojú ọ̀run ibẹ̀ mọ́ gaara. Àwọn obìnrin kan náà wà níbẹ̀, wọ́n ń gbẹ́ ilẹ̀, wọ́n ń wá egungun àwọn èèyàn wọn tí ìjọba ológun Pinochet pa. Gbígbẹ ilẹ̀ yẹn ló jẹ́ kí ìràwọ̀ hàn, òun náà ni kò jẹ́ kí egungun jẹrà. Kò sí bí èèyàn ṣe lè jókòó ní pálọ̀ kó ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀.

Ilẹ̀ tiwa náà kún. Ní Èsìẹ́, ère òkúta tó lé ní ẹgbẹ̀rún kan ló wà níbẹ̀, ọkùnrin àti obìnrin, ọ̀pọ̀ wọn jókòó, àwọn mìíràn mú ohun ìjà tàbí ohun èlò orin dání. Òkúta rírọ̀ ni wọ́n fi gbẹ́ wọn. Ilé ìṣẹ̀ǹbáyé tí wọ́n ṣí síbẹ̀ ní 1945 ni àkọ́kọ́ irú rẹ̀ ní Nàìjíríà. Ẹni tó gbẹ́ àwọn ère náà, kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n dájú; ohun tí ará ìlú gbà gbọ́ ni pé èèyàn ni wọ́n rí kí wọ́n tó di òkúta. Ní Ìlọrin níbí, òkúta tí ìtàn ní wọ́n ti ń lọ irin ṣì wà nínú agboolé láàárín ìlú. Odò Àsá gba inú ìlú kọjá láti gúúsù sí àríwá, ó pín in sí méjì. Àwọn ìyá wa ń mọ ìkòkò ní Òkèlele títí di òní. Ní ìjọba ìbílẹ̀ Ìfẹ́lódùn, omi Òwú ń já bọ́ láti orí àpáta tó ga tó ọgọ́rùn-ún mítà. Iṣẹ́ ò ní tán lọ́wọ́ ẹni tó bá fẹ́ ṣiṣẹ́.

Kí a tó ya ohunkóhun, ó yẹ kí a mọ bí a ṣe ń ka ilẹ̀. Nínú igbó Ìgbómìnà, ibi tí èèyàn ti gbé rí kì í fara sin fún ẹni tó mọ ohun tó ń wò. Pèrègún tó tò lọ́wọ̀ọ́wọ́ kì í ṣàdédé hù bẹ́ẹ̀. Èèyàn ló gbìn ín, yálà ààlà oko ni, tàbí ojúbọ, tàbí ẹ̀yìnkùlé ilé tó ti wó. Akòko náà nìyẹn, igi oyè ni. Igi osè ńlá tó dá dúró nínú ọ̀dàn, ẹ yí ìdí rẹ̀ ká dáadáa, ahoro lè wà nítòsí. Níbi tí àgbàrá bá ti wọ́ erùpẹ̀ lọ, àpáàdì á yọjú, pàápàá ní Oṣù Kẹrin sí Oṣù Karùn-ún kí koríko tó bo ilẹ̀. Lórí àpáta, ẹ máa wá kòtò gbọọrọ tí ojú rẹ̀ ń dán. Àwọn obìnrin ti lọ ọkà níbẹ̀ rí, tàbí kí àwọn alágbẹ̀dẹ ti pọ́n irin. Ọdẹ, àwọn obìnrin tó ń ṣa èso òrí, àti àwọn Fúlàní darandaran ló mọ irú ibi bẹ́ẹ̀ jù. Àwọn ni kí ẹ bá rìn.

Lílọ àkọ́kọ́ kò gba kámẹ́rà ńlá. Ìwé pélébé, pẹ́ńsù àti fóònù tó. Ẹ kọ ibi tí oòrùn ti ń kàn án àti wákàtí tí òjìji ń bò ó; ẹ kọ ariwo tó wà níbẹ̀; ẹ kọ orúkọ tí àwọn ará ibẹ̀ ń pè é. Ti orúkọ yìí gbẹgẹ́. Odò kékeré kan lè ní orúkọ mẹ́ta láàárín ìlú méjì, orúkọ kọ̀ọ̀kan sì ní ẹni tó ni ín. Bí a bá kọ ẹyọ kan sójú fíìmù láìbéèrè lọ́wọ́ ìhà kejì, a lè ti gbè sẹ́yìn ẹnì kan nínú ẹjọ́ ilẹ̀ láìmọ̀. Ẹ gbọ́ orúkọ náà lẹ́nu èèyàn mẹ́ta, ó kéré tán, kí ẹ tó kọ ọ́.

Àṣẹ ló tẹ̀ lé e. Ọ̀dọ̀ ọba tàbí baálẹ̀ la ti ń bẹ̀rẹ̀, a ó dé ọ̀dọ̀ olórí ẹbí tó ni ilẹ̀, ẹni tí yóò sọ̀rọ̀ gan-an ló gbẹ̀yìn. Abẹ́ àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń rí sí ilé ìṣẹ̀ǹbáyé ni ti Èsìẹ́ wà, nítorí náà lẹ́tà ní láti ṣáájú kámẹ́rà débẹ̀. Ẹ kọ ọ́ sínú rẹ̀ bóyá fíìmù náà máa jẹ́ títà. Tí a bá dé ibi orò, tí wọ́n ní a kì í yà á, a kì í yà á náà ni. A kì í jiyàn, a kì í sì í fi fóònù yà á lábẹ́ aṣọ. Ní Ìlọrin, tí ó bá kan ìyá ẹlẹ́hàá, obìnrin ni kó gbé kámẹ́rà lọ bá wọn. Bí wọ́n bá gbà kí a ya ọwọ́ nìkan, tàbí kí a gba ohùn nìkan, ọwọ́ àti ohùn náà tó gbé fíìmù. Lẹ́yìn náà, kí ẹni tó máa sọ̀rọ̀ fi ẹnu ara rẹ̀ sọ níwájú kámẹ́rà: orúkọ rẹ̀, ọjọ́, ibi tí a wà, àti ohun tó yọ̀ǹda. Ó gbà kó lọ sórí tẹlifíṣọ̀n? Orí íntánẹ́ẹ̀tì ńkọ́? Àwọn ọmọ ilé-ìwé ńkọ́? Ẹni tó bá yí ohùn padà lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan, ẹ yọ ọ́ kúrò. Ẹ̀bùn tí ẹ bá sì fẹ́ fún àwọn àgbà, ẹ jẹ́ kí iṣẹ́ parí ná. Owó tó bá ṣáájú ọ̀rọ̀ máa ń mú kí èèyàn sọ ohun tó rò pé ẹ fẹ́ gbọ́.

Bí a ṣe ń gba ọ̀rọ̀ sílẹ̀ gan-an ni mo fẹ́ fara balẹ̀ sọ. Ẹ mú bàbá tàbí ìyá náà lọ síbi tí ọ̀rọ̀ ti ṣẹlẹ̀, ní nǹkan bí aago méje òwúrọ̀ tàbí márùn-ún ìrọ̀lẹ́, nígbà tí oòrùn kò mú, tí ara wọn sì fúyẹ́. Bí ẹsẹ̀ kò bá gbé wọn mọ́, ẹ gbé nǹkan ibẹ̀ wá fún wọn: ewé, omi odò nínú igbá, àpáàdì, amọ̀. Ẹ kó o lé wọn lọ́wọ́, ẹ má gbé e sórí tábìlì. Ìyá tó ti ní òun kò rántí bí wọ́n ṣe ń mọ ìkòkò mọ́, ẹ fún un ní amọ̀ tútù, àtàǹpàkò rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í wá etí ìkòkò kó tó la ẹnu. Ẹ ya àtàǹpàkò yẹn. Ẹ sún mọ́ ọn, kí ọwọ́ kún ojú àwòrán, kí ẹ sì dúró síbẹ̀ fún ìṣẹ́jú kan gbáko láìgbé kámẹ́rà kúrò. Ojú wọn ṣì máa wà níbẹ̀ lẹ́yìn náà, ṣùgbọ́n ọwọ́ kì í rántí lẹ́ẹ̀mejì bákan náà.

Kámẹ́rà gbọ́dọ̀ ti máa ṣiṣẹ́ kí wọ́n tó sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀. Ọ̀rọ̀ tó dára jù sábà máa ń jáde nígbà tí ojú wọn bá kọ́kọ́ kan ibẹ̀: “Háà, wọ́n ti gé igi yẹn!” Ẹni tó bá ṣì ń to ẹsẹ̀ kámẹ́rà lákòókò yẹn ti pàdánù rẹ̀, torí bí a bá ní kí wọ́n tún un sọ, eré ni wọ́n máa ṣe fún wa.

Ìbéèrè wa, kó kéré, kó sì dá lórí ohun tí ojú ń rí. “Kí lẹ rántí?” ti wúwo jù fún ẹnikẹ́ni láti gbé. Ẹ bi wọ́n pé: Bàbá, ọ̀nà wo lẹ máa ń gbà débí? Ta ló máa ń ṣáájú? Kí lẹ máa ń rù? Omi yìí máa ń dé ibo lára yín? Ìbéèrè kan lẹ́ẹ̀kan. Tí wọ́n bá parí gbólóhùn, ẹ ka ení títí dé ẹẹ́wàá nínú ọkàn yín kí ẹ tó bi òmíràn. Wọ́n máa ń tún un gbé níbẹ̀, ohun tí wọ́n bá sì gbé nígbà náà ni wọn kò tíì sọ fún ẹnikẹ́ni rí. Àṣà wa ni kí a máa ṣe “ẹ̀n-hẹn, ẹ̀n-hẹn” tí àgbà bá ń sọ̀rọ̀. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jáwọ́ nínú ẹ̀, torí ohùn yín á gun orí ohùn wọn, kò sì sí édítọ̀ tó lè yà wọ́n sọ́tọ̀. Orí ni kí ẹ máa mì. Kí wọ́n má baà rò pé ẹ kò lẹ́kọ̀ọ́, ẹ ti ṣàlàyé fún wọn ṣáájú.

Ọ̀rọ̀ ọdún: àgbà wa kì í sábà ka ọdún bí ìwé ṣe ń kà á, ẹ má sì fipá mú wọn. Ẹ fi ohun tí gbogbo ayé mọ̀ wá a. Ṣé kí wọ́n tó dá ìpínlẹ̀ wa sílẹ̀ ni, ní 1967? Ṣé ogun ti parí, ní 1970? Ṣé a ti kúrò lọ́wọ́ òsì bọ́ sọ́wọ́ ọ̀tún lójú títì, ní 1972? Ṣé náírà ti dé, ní 1973? Láàárín ìbéèrè mẹ́rin, ẹ ó ti rí àlàfo ọdún díẹ̀ tí ọ̀rọ̀ náà bọ́ sí. Bí bàbá kan bá ní odò gba apá òkè ìrókò, tí ìyá kan ní ìsàlẹ̀ ni, ẹ fi ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì sínú fíìmù. Ó ṣeé ṣe kí odò náà ti yí ọ̀nà padà láàárín ìgbà èwe bàbá àti ìgbà èwe ìyá.

Ohùn ni ọ̀pọ̀ fíìmù wa ti ń ṣubú. Ẹ gbà á sílẹ̀ ní 48 kHz àti 24 bit, kí ibi tí ọ̀rọ̀ ti ròkè jù má kọjá -12 dB lórí òṣùwọ̀n ohùn, torí ohùn tó bá ti fọ́ kò ṣeé tò mọ́. Makirofóònù kékeré tí a ń fi sáyà, kó wà ní sẹ̀ǹtímítà 15 sí 20 sí àgbọ̀n. Ara bùbá inú ni kí ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́. Bí ẹ bá fi há agbádá tí wọ́n fi sítáàṣì, gbogbo ìgbà tí bàbá bá ká apá rẹ̀ sókè ni a ó máa gbọ́ kárakára. Ẹ fi hẹdifóònù sétí ní gbogbo àkókò, torí ojú kì í rí jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò. Kí ẹ tó kúrò níbẹ̀, ẹ ní kí gbogbo èèyàn dákẹ́, kí ẹ gba ìdákẹ́jẹ́ẹ́ ibẹ̀ sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú méjì. Èyí ni a ó fi dí àlàfo nígbà tí a bá ń gé ọ̀rọ̀. Ìdákẹ́jẹ́ẹ́ Òkèlele àti ti etí odò kò dọ́gba, etí á sì mọ̀ tí a bá pààrọ̀ wọn.

Omi Òwú ní wàhálà tirẹ̀. Ariwo omi tó ń já bọ́ láti òkè kún gbogbo ìpele ohùn, láti ìsàlẹ̀ dé òkè, ibi tí ohùn èèyàn wà sì wà láàárín. Nítorí náà, bọ́tìnnì tó ń gé ohùn ìsàlẹ̀ ní 80 Hz, tó máa ń gbà wá lọ́wọ́ atẹ́gùn, kò lè gbà wá lọ́wọ́ omi. Ẹ má ṣe bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ ní ìdí omi. Ẹ padà sẹ́yìn títí ẹ ó fi lè sọ̀rọ̀ láìgbóhùn sókè, ẹ wá àpáta tàbí ìdí igi ńlá tó máa dí omi náà, ibẹ̀ ni kí ẹ ti fọ̀rọ̀ wá wọn lẹ́nu wò. Ẹ wá lọ gba ohùn omi fúnra rẹ̀ sílẹ̀ lọ́tọ̀: nítòsí, ní àárín, àti níbi tó ti ń dún fẹ́ẹ́fẹ́ẹ́. Lẹ́yìn náà, ẹ lè fi omi sábẹ́ ọ̀rọ̀ bó ṣe wù yín. Ìkùukùu omi ibẹ̀ tún máa ń bo ojú lẹ́ńsì. Bí ẹ bá gbé kámẹ́rà jáde látinú ọkọ̀ tó ń fẹ́ afẹ́fẹ́ tútù, ẹ fi sínú àpò rẹ̀ ní títì pa fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú kí ẹ tó ṣí i, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, inú lẹ́ńsì á sun omi, aṣọ kankan kò sì lè débẹ̀ nù ún.

Ní Ìlọrin, ẹ ka wákàtí ìrun márààrún mọ́ ètò iṣẹ́ yín. Tí ìpè ìrun bá bẹ̀rẹ̀ nígbà tí àgbà ń sọ̀rọ̀, ẹ dá ọ̀rọ̀ dúró, ṣùgbọ́n ẹ má pa kámẹ́rà. Ìpè láti mọ́ṣáláṣí mélòó kan tó ń kọ lura nínú afẹ́fẹ́ ìrọ̀lẹ́ jẹ́ ara ohun tí ìlú yìí fi ń rántí ara rẹ̀. Ẹ gbà á láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ẹ má gé e láàárín.

Ti kámẹ́rà fúnra rẹ̀ kò gba ọ̀rọ̀ púpọ̀. Férémù 25 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, sọ́tà (bí ojú kámẹ́rà ṣe ń pẹ́ tó ní ṣíṣí) 1/50, torí iná mànàmáná wa ń lù ní 50 Hz, gílóòbù á sì máa ṣẹ́jú nínú àwòrán bí ẹ bá lo 1/60. Nínú oòrùn ọ̀sán gangan, ní ISO 100 (ìwọ̀n bí kámẹ́rà ṣe ń gba ìmọ́lẹ̀ sí), sọ́tà yẹn ń fẹ́ f/22, ìyẹn ihò lẹ́ńsì tó kéré. Ẹni tó bá fẹ́ f/5.6, ihò tó tóbi jù ú lọ, kí ohun tó wà lẹ́yìn lè rọ̀, kó de gíláàsì dúdú ND16 mọ́ lẹ́ńsì. Nígbà ọyẹ́, ẹ fẹ́ eruku kúrò lójú lẹ́ńsì kí ẹ tó fi aṣọ kàn án, torí iyanrìn ni eruku yẹn, aṣọ gbígbẹ á fi ha á.

Ohun tó ń so fíìmù pọ̀ mọ́ àyíká jù lọ kò ná owó, sùúrù ló gbà: kí a dúró sójú kan náà, kí a ya nǹkan kan náà, lóṣooṣù, fún ọdún kan ó kéré tán. Ẹ yan orí àpáta tàbí orí afárá, torí koríko tó wà ní orúnkún yín ní Oṣù Karùn-ún á ti ga jù yín lọ ní Oṣù Kẹsàn-án, á sì bo gbogbo ohun tí ẹ ń wò. Ẹ kọ gíga ẹsẹ̀ kámẹ́rà, bíi mítà 1.4, ẹ kọ nọ́ńbà lẹ́ńsì, bíi 35 mm, ẹ kọ ìhà tó kọjú sí bí kọ́ńpáàsì ṣe fi hàn, àti wákàtí. Tó bá jẹ́ lẹ́ńsì tó ń sún, ẹ fi téèpù lẹ òrùka rẹ̀ pa. Ẹ wá mú àmì méjì nínú àwòrán, ọ̀kan nítòsí, ọ̀kan lọ́nà jíjìn, bí etí òkúta kan àti ṣóńṣó òkè. Bí ọ̀kan ṣe bo èkejì lóṣù àkọ́kọ́, bẹ́ẹ̀ ni kó rí lóṣooṣù. Bí wọ́n bá ti yà díẹ̀, ẹ ti sún sọ́tùn-ún tàbí sósì nìyẹn. Ẹ ti ìwọ̀n àwọ̀ pa sí 5600 K, kí kámẹ́rà má máa fúnra rẹ̀ tún àwọ̀ ilẹ̀ ṣe.

Lórí Odò Àsá, irú iṣẹ́ yìí á fi hàn wá bí omi ṣe ń sá ní Oṣù Kẹta, bí oko ẹ̀fọ́ ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ tẹ̀ lé e, bí ìdọ̀tí ṣe ń há sídìí òpó afárá nígbà tí òjò bá kó o dé. Ní Oṣù Kìíní, ọyẹ́ lè bo ọ̀nà jíjìn pátá. Ẹ ya ti oṣù yẹn náà, ẹ má fò ó. Iná tí wọ́n fi jó igbó, ẹ yà á, kí ẹ sì ya èéhù tuntun tó máa yọ lẹ́yìn rẹ̀.

Mo ti sọ níbẹ̀rẹ̀ pé ẹni tó ń ṣe fíìmù yìí tún ń fi ọwọ́ ṣe àwòrán. Ọ̀nà kan wà tí ewé lè gbà ya àwòrán ara rẹ̀ láìsí kámẹ́rà. Ní 1842, John Herschel ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kọ̀wé lórí bí omi òdòdó àti omi ewé ṣe ń ṣá nínú oòrùn, ó sì fi hàn pé a lè fi gba àwòrán. Ajó, tí àwọn mìíràn ń pè ní àtalẹ̀ pupa, ló rọrùn jù fún wa. Ẹ po gíráàmù 20 ajó lílọ̀ mọ́ mililítà 100 sípíríìtì tí wọ́n ń tà ní kẹ́mísìtì, níbi tí kò sí iná, ẹ mì í, ẹ sẹ́ ẹ nínú aṣọ funfun tí a ṣẹ́ po. Ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì pa á sórí bébà olówùú tó nípọn, lẹ́ẹ̀mejì, kí ẹ sá a níbi tó ṣókùnkùn. Ewé tí ẹ fẹ́ lò, ẹ ti tẹ̀ ẹ́ sáàárín ìwé ìròyìn fún ọjọ́ mẹ́ta tàbí mẹ́rin. Ewé tútù á tú omi sára bébà, á dọ̀tí rẹ̀. Ẹ tẹ́ ewé lé bébà, ẹ fi gíláàsì wúwo tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ kó má ká, ẹ gbé e sínú oòrùn láti aago mẹ́wàá. Lẹ́yìn wákàtí kan, ẹ máa ṣí igun kan wò. Wákàtí méjì sí márùn-ún sábà máa ń tó, ó sì máa ń pẹ́ jù bẹ́ẹ̀ nígbà ọyẹ́ torí eruku ń dín oòrùn kù. Ibi tí oòrùn bá kàn yóò funfun, abẹ́ ewé á ṣì pọ́n fòò. Tí ẹ bá wá fi omi eérú tó ti tòrò wọ́n ọn fẹ́ẹ́rẹ́, àwọ̀ fòò yẹn á di pupa rúsúrúsú lójú yín. Bí ẹ bá dà á gììrì, àwọ̀ á ṣàn.

Ìṣápá pupa ń ṣe àwọ̀ tó jinlẹ̀ jù ú lọ, ṣùgbọ́n ó ń gba ọjọ́ púpọ̀, nígbà mìíràn ọ̀sẹ̀. Gíráàmù 20 òdòdó gbígbẹ sínú mililítà 100 omi gbígbóná. Omi òjò ni kí ẹ lò. Omi kànga mìíràn ní èròjà tó ń sọ ìṣápá di àwọ̀ eérú kó tó dé ara bébà.

Kò sí òògùn tó lè dá àwòrán ewé dúró. Ìmọ́lẹ̀ tó yà á náà ló máa pa á rẹ́, bí a bá gbé e kọ́ sára ògiri. Àwọn kan ka èyí sí àléébù, àmọ́ lójú tèmi, ìdí tó fi bá iṣẹ́ ìrántí mu gan-an nìyẹn: ẹni tó wá wò ó mọ̀ pé wíwò òun ń ná nǹkan kan. Ẹ ya fọ́tò rẹ̀ lọ́jọ́ tó bá jáde, ẹ tọ́jú rẹ̀ sínú òkùnkùn, ẹ máa ṣí i fún wákàtí kan péré nígbà ìpàtẹ. Ẹni tó bá fẹ́ èyí tó máa pẹ́, ọ̀nà aláwọ̀ búlúù tí Herschel rí lọ́dún kan náà ni kó lò: gíráàmù 25 kẹ́míkà ferric ammonium citrate nínú mililítà 100 omi, gíráàmù 10 kẹ́míkà potassium ferricyanide nínú mililítà 100 míì, ká pò wọ́n lọ́gbọọgba nígbà tí a bá fẹ́ lò wọ́n. Òun ni Anna Atkins fi tẹ ìwé ewé inú omi rẹ̀ láti 1843, àkọ́kọ́ ìwé tí a fi fọ́tò ṣe lọ́ṣọ̀ọ́. Ẹ má fi ọṣẹ tàbí omi eérú kàn án, àwọ̀ búlúù á ṣá.

Fọ́tò àtijọ́ tó wà nílé àwọn ẹbí, ẹ fi sikánà gbà á ní 600 dpi. Èyí tó ti lẹ̀ mọ́ gíláàsì férémù, ẹ má ya á, ojú èèyàn ló máa bá gíláàsì lọ. Ẹ gbà á tòun ti gíláàsì. Ẹ̀yìn fọ́tò náà ṣe pàtàkì bí iwájú, torí ibẹ̀ ni orúkọ àti òǹtẹ̀ ẹni tó yà á máa ń wà.

Ìpamọ́ kò ṣeé fọwọ́ kékeré mú. Fídíò 4K tó ń sá ní 100 Mbps ń jẹ GB 45 ní wákàtí kan, ogún wákàtí sì jẹ́ GB 900. Ẹ̀dà mẹ́ta, sórí irú nǹkan méjì, kí ọ̀kan wà ní ilé mìíràn. Ẹ má pa ohun tó wà lórí mẹ́mọ́rì káàdì rẹ́ kí ẹ̀dà méjì tó wà, kí ẹ sì ti ṣí wọn wò. Háàdì díìsìkì tó wà nínú dúrọ́ọ̀ fún ọdún mẹ́ta láìṣiṣẹ́ lè kọ̀ láti tan. Ẹ máa tàn án ní oṣù mẹ́fà mẹ́fà.

Tí ẹ bá ń kọ ọ̀rọ̀ sísàlẹ̀ fíìmù, ẹ fi ẹ̀ka èdè Ìgbómìnà sílẹ̀ bó ṣe jáde lẹ́nu, kí ẹ kọ Yorùbá àjùmọ̀lò sísàlẹ̀ rẹ̀ pẹ̀lú àmì ohùn. Ọ̀pọ̀ fọ́ńtì ò lè gbé àmì òkè àti ti ìsàlẹ̀ pọ̀ sórí lẹ́tà kan, wọ́n á sọ ọ́ di àpótí òfìfo. Noto Sans àti Charis SIL ń gbé e. Ẹ tẹ ẹ̀, ọ́ àti ṣ wò kí ẹ tó kọ gbólóhùn kankan, kí ẹ sì tún wò ó lẹ́yìn tí fídíò bá ti jáde tán.

Ìlú tó ni ọ̀rọ̀ ni kó kọ́kọ́ wò ó, kó tó dé ibòmíràn. Lẹ́yìn ìrun Ìṣá, aṣọ funfun lára ògiri, purojẹ́tọ̀ tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ tó 3000 lumens, jẹnẹrétọ̀ kó jìnnà sẹ́yìn ilé. Ẹ má jẹ́ kí àwọn èèyàn tètè tú ká. Ẹnì kan á ní kì í ṣe bàbá yẹn ló gbin igi náà, ẹlòmíràn á ní orúkọ odò yẹn kò pé. Ẹ gbà á sílẹ̀ pẹ̀lú orúkọ ẹni tó sọ ọ́, ẹ tún èyí tó yẹ ṣe, kí ẹ tó fi ẹ̀dà kan sí ààfin, ọ̀kan sí ilé-ìwé, ọ̀kan sọ́wọ́ ẹbí ẹni tó sọ̀rọ̀. Lára ẹ̀dà kọ̀ọ̀kan, ẹ fi báírò tí kì í parẹ́ kọ orúkọ ìlú, orúkọ ẹni tó sọ̀rọ̀, oṣù àti ọdún, àti ohun tó yọ̀ǹda kí a fi ṣe.